Àkísà Aró Lẹ́nu Àpò Ẹ̀wà

Ó pé ogójì ọjọ́ lánàá tí a sin Ìyá Àgbà, n kò sì tíì sunkún. Àwọn àbúrò mi ti sun tiwọn tán, wọ́n ti padà sẹ́nu iṣẹ́. Bàbá mi, ọmọ kan ṣoṣo tó bí, sun tirẹ̀ títí ohùn rẹ̀ fi há. Èmi tó tọ́ dàgbà, èmi tó ń pè ní ọkọ òun, èmi ni ojú mi gbẹ bí ẹni pé àlejò ló kú. Ìyàwó mi ní kí n jókòó kí n kọ ohun tí mo rántí sílẹ̀, bóyá ara á fúyẹ́. Ohun tí mo ń kọ nìyí. Kì í ṣe ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀, nítorí n kò mọ̀ ọ́n tán, kò sì jọ ẹni tí yóò jẹ́ kí ènìyàn mọ òun tán.

Rábíátù ni wọ́n sọ ọ́, ṣùgbọ́n Ìyá Alágbàtà ni gbogbo àdúgbò Gàmbàrí ń pè é. Ẹ̀wà ló ń bá àwọn ènìyàn tà. Àwọn tó ń kó o bọ̀ láti ilẹ̀ Hausa á já ẹrù síwájú ilé rẹ̀, wọ́n á sùn ní yàrá tó kọ́ fún wọn lẹ́yìnkùlé, wọ́n á jẹ túwó rẹ̀, wọ́n á sì fi ẹrù náà lé e lọ́wọ́. Ẹni tó máa rà á lè ti Ọ̀fà wá, ó sì lè ti Èkó ránṣẹ́. Olówó ẹrù kì í da ara rẹ̀ láàmú lórí ẹni tó rà á, ẹni tó rà á náà kì í wá ẹni tó ni ín lọ. Ìyá Àgbà ni àwọn méjèèjì gbójú lé. Ohun tó ń rí níbẹ̀ kò ju láádá lọ, owó kékeré tí wọ́n máa ń fún alágbàtà lórí àpò kọ̀ọ̀kan.

Ó ní ìró aró kan tó ti gbó, tó máa ń ya ní tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́. Bí ọ̀rọ̀ bá ti wọ̀ lórí ọjà, á yọ àpò kan sọ́tọ̀ gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ, á so àkísà aró yìí mọ́ ọn lẹ́nu, á sì gbé e fún olówó ẹrù. Kò sí ẹni tí kò mọ ìtumọ̀ rẹ̀ ládùúgbò. Bí ẹ̀wà bá ní kòkòrò, Ìyá Àgbà ni ẹni tó rà á máa wá bá. Bí owó kò bá dé, Ìyá Àgbà náà ni olówó ẹrù máa wá bá. Ọjọ́ tí owó bá pé ni olówó ẹrù á tú àkísà náà fúnra rẹ̀, á dá a padà, Ìyá Àgbà á fọ̀ ọ́, á sá a sórí okùn de ọjà mìíràn.

Nígbà tí mo wà ní yunifásítì tí mo ń kọ́ òfin, mo bi í pé kí ló dé tí kì í kọ ọ́ sínú ìwé, kí oníkálukú buwọ́ lù ú.

"Mo ti so ó ná, ọkọ mi," ó ní. "Kí ni kí n tún kọ?"

Ọwọ́ rẹ̀ le. Kí n má purọ́ mọ́ òkú, ahun ni. Ọṣẹ kan ló ń gé sí mẹ́rin, ìdámẹ́rin kan fún ọ̀sẹ̀ kan. Bí o bá ṣá iná ìṣáná méjì kí sítóófù tó gbà, o máa gbọ́ ọ títí ìrun àṣálẹ́. Mẹ́kà ló ń tìtorí rẹ̀ ṣe é. Gbogbo àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ló ti di Àlhájà, òun nìkan ló kù tí wọ́n ń fi iṣẹ́ pè, ó sì máa ń dùn ún, bó tilẹ̀ jẹ́ pé á ní kò dun òun. Lọ́jọ́ kan tí mo fi í ṣe yẹ̀yẹ́ nítorí ìṣáná, kò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Mo fẹ́ fi ẹsẹ̀ ara mi rìn yí Káábà ká, Bùráímọ̀, kí wọ́n má fi kẹ̀kẹ́ tì mí."

Èmi náà ni ó fi ń ṣe yẹ̀yẹ́ jù. Ọjọ́ tí mo di lọ́yà, mo gbé aṣọ dúdú àti irun funfun wa wá fún un kó rí i. Ó fọwọ́ kan irun náà, ó gbóòórùn rẹ̀.

"Irun kí nìyí?"

"Irun ẹṣin ni, Ìyá Àgbà."

"Irun ẹṣin ni wọ́n ní kí o máa dé sórí? O sì fowó rà á?"

Láti ọjọ́ náà, bí mo bá ti wọlé, á béèrè bóyá ẹṣin mi ti jẹun. Mo máa ń bínú nígbà yẹn. Mi ò mọ̀ pé ọjọ́ kan ń bọ̀ tí màá máa wá ẹ̀gàn yẹn kiri.

Ó mọ ìjà jà pẹ̀lú. Ìyá kan wà tí wọ́n jọ ń ṣe alágbàtà, ẹ̀yìn ògiri rẹ̀ ló ń gbé. Ìyá náà da ẹ̀wà ọdún tó kọjá mọ́ tuntun, ó sì sọ fún olùrà pé tuntun ni. Ìyá Àgbà fi ẹyọ kan sẹ́nu, ó fi eyín gé e, ó tu ú dànù, ó sì yanu sọ ọ́ lójú ọjà. Ọdún mẹ́ta ni wọn kò fi kí ara wọn, bẹ́ẹ̀ mọ́sálásí kan náà ni wọ́n ti ń kírun, ìlà kan náà ni wọ́n ń tò sí. Nígbà tí àìsàn dá ìyá náà dùbúlẹ̀, Ìyá Àgbà ló ń gbé ẹ̀kọ gbígbóná lọ fún un láràárọ̀, á gbé e kalẹ̀, á jáde, kò ní sọ ọ̀rọ̀ kan. Mo ní ṣé ìjà ti parí ni. Ó ní, "Ta ló sọ fún ẹ? Mo ń bá a jà ni, mi ò ní kí ebi pa á."

Mo wà lọ́mọ ọdún méje nígbà tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ìbéèrè tó padà wá gbé mi dè. Ọ̀rẹ́ mi kan tó jù mí lọ ní kí n bá òun gba ẹ̀pà àwìn lọ́dọ̀ ẹlẹ́pà. Mo gbà á, ó jẹ ẹ́, kò sanwó. Ẹlẹ́pà wá sílé wa. Mo ní ọ̀rẹ́ mi ló rán mi, mo tilẹ̀ dárúkọ rẹ̀ àti ilé bàbá rẹ̀. Ìyá Àgbà bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ kí ojú wa lè ṣe déédéé.

"Nígbà tí ẹlẹ́pà ń wọn ẹ̀pà, ta ló rí?"

"Èmi ni."

Ó sanwó fún ẹlẹ́pà, ó sì yọ ọ́ nínú owó aṣọ Iléyá mi. Bàtà àtijọ́ ni mo fi lọ kírun yídì lọ́dún náà.

Mo ní láti sọ ti Àlàájì Sání báyìí. Ó ti ń kó ẹ̀wà wá fún Ìyá Àgbà láti ìgbà tí irùngbọ̀n rẹ̀ ti dúdú. Agbaṣẹ́ṣe kan wà tó ń pèsè oúnjẹ fún àwọn ilé ẹ̀kọ́ tí ọmọ ń sùn sí, oníbàárà Ìyá Àgbà ni òun náà. Lọ́dún tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ di lọ́yà, agbaṣẹ́ṣe yìí ní kí Ìyá Àgbà bá òun ra odindi tírélà ẹ̀wà kan. Ó ní ìwé owó òun ti jáde ní ìjọba, ó ku kó wọ báńkì. Ìyá Àgbà sọ fún Àlàájì pé Ọ̀gá Lágbájá ló rán òun, ó dárúkọ rẹ̀ gan-an, Àlàájì ní kò burú. Ó so àkísà aró mọ́ ẹnu àpò kan. Tírélà lọ.

Owó kò dé. Agbaṣẹ́ṣe ní ìjọba ò tíì san fún òun. Nígbà tó yá, fóònù rẹ̀ kò wọlé mọ́. Àlàájì dúró ní yàrá ẹ̀yìnkùlé fún oṣù méjì, òun àti àpò kan tó ní àkísà lẹ́nu, kó tó gba ilé lọ. Àwọn àgbẹ̀ tó gba ẹ̀wà náà lọ́wọ́ wọn láwìn ń fúngun mọ́ ọn. Nígbà tó padà wá, ìwé ìpẹ̀jọ́ ló wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó kọ̀ kí akọ̀wé kóòtù mú un wá, ó ní òun fúnra òun ló yẹ kó fi lé Ìyá Àgbà lọ́wọ́.

"Ìyá, wàláhì, kì í ṣe ìfẹ́ inú mi," ó ní. "Wọ́n fẹ́ gba oko mi."

"Mo mọ̀, Àlàájì. Ẹ jókòó, ẹ mu omi."

Mo ka ìwé náà ní ọ́fíìsì mi lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ní Táíwò Road, inú mi sì dùn. Ẹjọ́ náà rọrùn. Òfin sọ pé bí wọ́n bá rán ọ láti ra ọjà, tí o sì dárúkọ ẹni tó rán ọ fún ẹni tó ń tà á, ẹni tó rán ọ ni gbèsè wà lọ́rùn rẹ̀. Ìwọ ti bọ́. Ohun kan ṣoṣo ló lè dì ọ́ mú, bí ìwọ fúnra rẹ bá ti gbà pé wàá dáhùn fún un, ìbáà jẹ́ lẹ́nu tàbí nípasẹ̀ àṣà òwò yín. Ìyẹn ni pé àkísà nìkan ni ìṣòro. Mo sì ti rí i pé Àlàájì kò mẹ́nu kan àkísà níbì kankan nínú ìwé rẹ̀. Mo gbà pé ojú ló ń tì í láti fi mú un.

Mo lọ jókòó ti Ìyá Àgbà. Mo ní, "Ìyá Àgbà, ẹ ò ní purọ́ rárá. Ohun tí wọ́n bá bi yín nìkan ni kí ẹ dáhùn. Ẹ má mẹ́nu kan àkísà." Ẹ̀wà ló ń ṣà.

Ní ilé ẹjọ́, mo bi í pé ta ló ra ẹ̀wà. Ó dárúkọ agbaṣẹ́ṣe. Mo bi í bóyá ó dárúkọ náà fún Àlàájì lọ́jọ́ ọjà. Ó ní bẹ́ẹ̀ ni. Mo jókòó. Lọ́yà Àlàájì kì í ṣe ọmọ ìlú, kò mọ ohun tó yẹ kó béèrè, ó bi í ní nǹkan méjì tí kò ràn án lọ́wọ́, òun náà jókòó. Adájọ́ ní kó máa sọ̀ kalẹ̀. Ìyá Àgbà dúró síbẹ̀.

"Ẹ ṣe gáfárà, Adájọ́," ó ní. "Wọn ò tíì bi mí ní ti àkísà."

Mo fò dìde. Mi ò mọ ohun tí mo fẹ́ sọ, mo ṣáà fẹ́ kí ariwo wà. Ó yíjú sí mi láti ibi tó dúró sí.

"Jókòó, Bùráímọ̀. Ìwọ kọ́ ni wọ́n rí."

Ó sì ṣàlàyé rẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, láti orí yíya ìró náà títí dé ọjọ́ tí wọ́n ń tú u. Adájọ́ bi í lẹ́ẹ̀mejì bóyá ó mọ ohun tí ohun tó ń sọ lè dá sílẹ̀. Àlàájì Sání doríkodò, ó ń fi fìlà nu ojú. Ìyá Àgbà ní, "Mo mọ̀ ọ́n. Àlàájì ò mọ agbaṣẹ́ṣe rí. Èmi ló rí."

Owó Mẹ́kà ló kọ́kọ́ lọ. Kò tó. Ilé Gàmbàrí ló tẹ̀ lé e, ilé tó fi láádá kọ́ ní yàrá kọ̀ọ̀kan, tòun ti yàrá àlejò lẹ́yìnkùlé. Ọjọ́ tí Àlàájì tú àkísà, ó fi ọwọ́ méjèèjì dá a padà, kò lè wò ó lójú. Ìyá Àgbà fọ̀ ọ́, ó sá a. Mo gbé agbaṣẹ́ṣe lọ sílé ẹjọ́ ní orúkọ rẹ̀, mo sì borí, ṣùgbọ́n kò sí ohun kan tó wà ní orúkọ ọkùnrin náà tí a lè gbà. Ìyá Àgbà fi ẹ̀dà ìdájọ́ náà tẹ́ inú àpótí aṣọ.

Bàbá mi kò dárí jì í. Inú ilé yẹn ni wọ́n bí i sí, ibẹ̀ ló ti gbéyàwó, ibẹ̀ ló rò pé òun máa kú sí. Nígbà tí a ń kó ẹrù lọ sí yàrá méjì tí a gbà fún Ìyá Àgbà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ọ̀fà Garage, ó dúró lójú títì, kò fọwọ́ kan nǹkan kan.

"Ẹ fi ilé mi san gbèsè tí olè jẹ," ó ní.

"Olè ló jẹ ẹ́," Ìyá Àgbà dáhùn. "Èmi ni mo so ó."

Láti ọjọ́ náà, bí Bàbá mi bá wá kí i lọ́jọ́ ọdún, ẹnu ọ̀nà ló máa ń dúró sí. Á kí i, á gbé ohun tó mú wá kalẹ̀, á lọ. Ìyá Àgbà á wo ẹ̀yìn rẹ̀ títí á fi bọ́ sáàárín àwọn ọkọ̀ tó ń pe èrò. Ìyẹn ń dùn mí títí di òní.

Ó yẹ kí n dúró níbí, kí n ní ẹ̀dá dáadáa ló lọ. Ṣùgbọ́n ó ku tèmi.

Ọdún díẹ̀ lẹ́yìn náà, ọkùnrin kan wá bá mi ní Táíwò Road. Ó ń bá ilé iṣẹ́ kan ra òrí, èyí tí wọ́n ń kó lọ sókè òkun. Ó ti gba òrí lọ́wọ́ ìyá kan tí wọ́n ń pè ní Ìyá Sàráátù, opó ni, ọjà oṣù mẹ́ta gbáko. Ilé iṣẹ́ náà kógbá wọlé, ẹnikẹ́ni kò rí wọn mọ́. Ìyá Sàráátù pe ọkùnrin yìí lẹ́jọ́. Orúkọ ilé iṣẹ́ náà wà lórí ìwé tó fún ìyá náà, ìyá náà kò sì mọ̀wé. Mo sọ ohun tí mo fẹ́ kí Ìyá Àgbà sọ nígbà yẹn lọ́hùn-ún: ìránṣẹ́ ni oníbàárà mi, ó dárúkọ ẹni tó rán an, kò sí ohun tó kàn án mọ́. Adájọ́ gbà. Ìyá Sàráátù jókòó sórí bẹ́ńṣì lẹ́yìn tí gbogbo wa ti jáde, torí kò yé e pé ó ti parí.

Inú mi dùn débi pé ọ̀dọ̀ Ìyá Àgbà ni mo gbà lọ tààrà. Bóyá mo fẹ́ kó mọ̀ pé bó ṣe yẹ kó rí fún òun nìyẹn. Ó gbọ́ mi tán.

"Ìyá olóòrí yẹn, ta ló rí?"

"Ìyá Àgbà, òfin sọ pé..."

"Mi ò bi ẹ́ ní ti òfin. Ta ló rí?"

"Oníbàárà mi ni."

Ó bu omi sí kẹ́tùlù, ó lọ ṣe alúwàlá. Kò béèrè iṣẹ́ mi mọ́ láti ọjọ́ náà. Bí mo bá wọlé, á béèrè àwọn ọmọ, á béèrè ìyàwó mi. Kò béèrè ẹṣin mi mọ́ láé.

Ní àwọn ọdún tó kẹ́yìn, ó rù. Mo rò pé ogbó ni. Owó oúnjẹ rẹ̀ ń lọ láti ọwọ́ mi lóṣooṣù, obìnrin oní-POS tó wà níwájú ilé ló ń kà á fún un, mo sì rí i dájú pé ó ń pọ̀ sí i bí ọjà ṣe ń gbówó lórí. Dókítà ní ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ kò tó, ó ní ó jọ pé kì í jẹun. Mo bínú. Mo ní ṣé ahun rẹ̀ ti wá dé orí ẹnu ara rẹ̀ ni, níbo ni owó tí mò ń fi ránṣẹ́ ń wọlé sí.

"Ó ń dé ibi tó yẹ kó dé," ó ní, ó sì yí ojú sí ògiri.

Ọjọ́ Jímọ̀ ló kú, kò pariwo. Kí a tó kírun sí i lára, ó di dandan kí ẹnìkan nínú ẹbí dìde níwájú ìjọ, kó sọ pé bí òkú bá jẹ ẹnikẹ́ni ní gbèsè, kó wá. Bàbá mi ló yẹ kó sọ ọ́. Ohùn rẹ̀ ti há, ó tì mí síwájú. Mo sọ ọ́ bí wọ́n ti máa ń sọ ọ́: "Bí Ìyá wa bá jẹ ẹnikẹ́ni ní nǹkan, èmi ni kí ẹ wá bá." Ẹnu lásán ni mo fi sọ ọ́. Mo mọ̀ pé obìnrin yẹn kò lè jẹ ẹnikẹ́ni ní kọ́bọ̀.

Lọ́jọ́ kẹta, Ìyá Sàráátù wọlé. N kò kọ́kọ́ dá a mọ̀. Igbá tó fi ń wọn òrí ló gbé dání, àkísà aró sì wà lára rẹ̀, ó ti ṣá, ó ti fẹ́rẹ̀ẹ́ funfun. Bàbá mi rí i, ó dìde dúró.

Ó ní ọ̀sẹ̀ tí ẹjọ́ parí ni Ìyá Àgbà béèrè òun dé ìsọ̀ òun. Ó so àkísà náà mọ́ igbá, ó ní, "Ọmọ mi ló gba ẹjọ́ yẹn. Èmi ni kí o rí." Oṣù kọ̀ọ̀kan ló ń mú owó wá, kò fo ọ̀kan.

"Mi ò mọ̀ pé owó oúnjẹ rẹ̀ ni, Lọ́yà," ó ní. Omi ń jáde lójú rẹ̀. "Ẹnu àwọn tó ń ṣòfọ̀ níta ni mo ti gbọ́ báyìí pé kì í jẹun. Ká ní mo mọ̀, ọwọ́ mi ì bá má gbà á."

Mo bi í pé kí ló dé tí kò fi wá bá mi láti ìgbà yìí wá. Ó ní Ìyá Àgbà ló kọ̀ fún òun. Ó ní ọjọ́ tí èmi fúnra mi bá dìde lójú ìjọ, tí mo ní kí ẹni tí Ìyá Àgbà jẹ ní gbèsè wá bá mi, ni kí òun wá, kí òun má wá ṣáájú.

Kí Ọlọ́run dárí jì mí, ọ̀rọ̀ òfin ló kọ́kọ́ wá sẹ́nu mi. Ẹjọ́ ti parí. Oníbàárà mi gan-an kò jẹ gbèsè, kí á má tíì sọ ti lọ́yà rẹ̀, kí á má tíì sọ ti ìyá àgbà lọ́yà rẹ̀. Gbogbo rẹ̀ tò lẹ́sẹẹsẹ lórí ahọ́n mi. Bàbá mi ń wò mí.

"Ó ṣì ku díẹ̀," ni Ìyá Sàráátù wí, "ṣùgbọ́n kì í ṣe owó ni mo bá wá. Mo wá tú u ni, kí ọkàn rẹ̀ lè sinmi." Ó gbé igbá náà lé itan, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wá ibi tí kókó rẹ̀ wà.

Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú.

"Ẹ má tú u, Ìyá," mo ní. "Èmi lẹ rí."